Ta Ni Wọ́n Ń Gun Ẹṣin Fún?

(Ìdánilẹ́kọ̀ọ́ tí mo ṣe fún àwọn ọmọ Yorùbá tó ń gbé Àbújá, ní Kúbwà. Àwàdà tí kò ṣeé kọ sílẹ̀, mo ti yọ ọ́ kúrò.)

Ẹ̀yin bàbá, ẹ̀yin ìyá, ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó fi bọ́ọ̀lù sílẹ̀ wá síbí, ẹ kú ìjókòó. Ẹ ní kí n wá sọ bí àwọn onímọ̀ ṣe ń wo àṣà ní ilẹ̀ tí òyìnbó amúnisìn ti jọba lé lórí rí. Mo mọ̀ pé bí mo bá kọ́kọ́ ń to orúkọ àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n, oorun ni yóò kùn yín. Nítorí náà, ẹṣin ni mo mú wá.

Ẹ̀yin tí ẹ ti gbé Kánò rí mọ Hawan Sallah, ìwọ́de ẹṣin tí wọ́n máa ń ṣe nígbà ọdún Ìtúnu Ààwẹ̀ àti Iléyá. Àwọn ọmọ ọba á to ẹṣin lọ́wọ̀ọ̀wọ́, lawani elétí méjì lórí wọn. Àwọn kan á wọ ẹ̀wù ogun tí wọ́n ki òwú sí nínú, ẹṣin wọn náà á wọ tirẹ̀. Lójijì, ẹgbẹ́ kan á já, wọ́n á sáré àsápajúdé bọ̀ wá bá Ẹ́mírì, eruku á bolẹ̀. Ó ku díẹ̀ kí wọ́n dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni wọ́n á fa ìjánu, tí wọ́n á sì na ìkúùkù sókè kí i. Ohun tí wọ́n ń sọ ni pé: agbára wa rèé, ìwọ la ní in fún.

Nígbà tí Kánò àti Sókótó bọ́ sọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì ní 1903, irú ayẹyẹ báyìí kò ṣàjèjì sí Lugard, olórí wọn. Íńdíà ni wọ́n bí i sí, ibẹ̀ ló ti ṣe sójà. Ní 1877, Gẹ̀ẹ́sì ti kó àwọn ọba Íńdíà jọ sí Delhi láti kéde pé Victoria ti di olórí gbogbo wọn, bẹ́ẹ̀ Victoria fúnra rẹ̀ kò tẹ ibẹ̀. Durbar ni wọ́n pè é, òun náà ni wọ́n gbé wá sí Àríwá. Wọn ò kọ́ ará Kánò ní ẹṣin gígùn o. Ará Kánò ti ń gùn ún tipẹ́tipẹ́ kí wọ́n tó bí baba Lugard. Ohun tí Gẹ̀ẹ́sì yí padà ni ẹni tó jókòó sórí àga. Ní 1925, àrólé ìtẹ́ Gẹ̀ẹ́sì ló jókòó síbẹ̀ ní Kánò. Ní 1956, Ọbabìnrin Elizabeth Kejì ni, ní Kàdúná, tí àwọn ọba Àríwá kó ẹṣin láti ọ̀nà jíjìn wá júbà rẹ̀. Nínú ọdún Sálà Kánò pàápàá, ọjọ́ kan wà, Hawan Nassarawa, tí Ẹ́mírì máa ń gẹṣin jáde lọ kí Rẹ́sídẹ́ǹtì, òyìnbó tó ń ṣojú ìjọba amúnisìn. Òyìnbó ti lọ. Gómìnà ló ń gba ìkíni náà báyìí.

Ó yá, ẹ jẹ́ kí àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n wọlé. Edward Said, ọmọ Palestine tó kọ́ni ní Columbia ní New York, gbé ìwé kan jáde ní 1978 tó da omi àlàáfíà àwọn onímọ̀ rú. Àlàyé rẹ̀ ni pé ẹni tó ṣẹ́gun ló máa ń ya àwòrán ẹni tí wọ́n ṣẹ́gun, títí ẹni náà á fi gbà pé òun nìyẹn. Kàdúná ti 1956 bá a mu wẹ́kú. Lójú Gẹ̀ẹ́sì, ẹṣin, lawani àti ọba ni Àríwá. Akọ̀wé àti òṣìṣẹ́ rélùwéè kò sí nínú àwòrán, bẹ́ẹ̀ náà ni àwa tí wọ́n fi sí Sabon Gari, àdúgbò àwọn àlejò ní Kánò, kò sí níbẹ̀. Ìjọba amúnisìn ló ṣètò pé kí ará Gúúsù máa gbé lọ́tọ̀, lẹ́yìn odi. Àwọn Yorùbá tó wà ní Ayagi wà nínú odi Kánò ní tiwọn, wọ́n sì di ọmọ ibẹ̀. Síbẹ̀, ọ̀pọ̀ wa gbà lónìí pé àtayébáyé la ti ń gbé lọ́tọ̀.

Terence Ranger, òpìtàn Gẹ̀ẹ́sì, kọ ọ́ ní 1983 pé púpọ̀ nínú ohun tí Áfíríkà ń pè ní ìṣẹ̀ṣe, àwọn amúnisìn ló hun ún. Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fẹ́ràn ọ̀rọ̀ yìí jù. Ní 1993, Ranger fúnra rẹ̀ rọ ohùn rẹ̀ sílẹ̀, ó ní ọwọ́ àwọn aláwọ̀ dúdú náà wà nínú iṣẹ́ yẹn. Ẹ̀yìn Ranger ti 1993 yìí ni mo wà. Ẹni tó bá ní Durbar ti di ti òyìnbó torí pé Lugard fọwọ́ kàn án ń bu ọlá tí kò tọ́ fún Lugard. Ẹni tó wà lórí àga ni kí ẹ bá mi wò.

Ní 1977, nígbà FESTAC, àjọ̀dún àṣà àwọn aláwọ̀ dúdú, ìjọba ológun fi owó epo ṣe Durbar ńlá ní Kàdúná fún àlejò aláwọ̀ dúdú láti káàkiri ayé. Ìyẹn sàn díẹ̀. Ti ìsinsìnyí ló ń kọ mí lóminú. Ní oṣù Kejìlá 2024, UNESCO, àjọ àgbáyé tó ń rí sí ẹ̀kọ́ àti àṣà, pàdé ní Asunción, ní Paraguay, wọ́n fi Durbar Kánò sínú àkọsílẹ̀ àjogúnbá gbogbo ọmọ ènìyàn. Bẹ́ẹ̀ ní oṣù Kẹfà ọdún yẹn, ọlọ́pàá ti fòfin dè é nígbà Iléyá, torí ìjà ta ni Ẹ́mírì. Nígbà Ìtúnu Ààwẹ̀ 2025, wọ́n tún dè é. Wọ́n pàtẹ́wọ́ fún un ní Paraguay, ará Kánò ò rí i wò. Ayé ti lu jára débi pé ẹni orí àga kò nílò kó wá mọ́.

Bàbá kan bi mí pé, "Ojúde Ọba tiwa ńkọ́?" Mo ní, bàbá, ẹ wo ojú ẹlẹ́ṣin Ìjẹ̀bú. Awùjalẹ̀ ló wá kí, ṣùgbọ́n kámẹ́rà ló ń rẹ́rìn-ín sí, pátákó ilé iṣẹ́ tó gbé owó kalẹ̀ sì wà lẹ́yìn rẹ̀. N kò bínú sí i. Téélọ̀ àti aláṣọ òkè ń rí owó gidi níbẹ̀. Àmọ́ lọ́jọ́ tí onílé iṣẹ́ bá ń pinnu rẹ́gbẹ́rẹ́gbẹ́ (ẹgbẹ́ àwọn ọjọ́ orí kan náà) tó máa kọ́kọ́ jáde, kí ẹ ké sí mi.

Ọmọbìnrin kan sọ pé Àbújá ò ní irú wàhálà yìí, torí pé ìlú tuntun ni. Mo rẹ́rìn-ín. Òfin 1976 ló dá a sílẹ̀, Kenzo Tange ará Japan ló ya àwòrán àárín rẹ̀, Mississippi àti Amazon sì ni orúkọ òpópónà ní Maitama. Àwọn Gbagyi wà níbẹ̀ nígbà tí wọ́n ń pariwo pé ilẹ̀ tí kò ní onílẹ̀ ni. Kúbwà tí a jókòó sí yìí wà lára ibi tí wọ́n kó wọn wá. Mo ní kó lọ bá àwọn àgbà Gbagyi tó wà ládùúgbò, kó béèrè ibi tí ìdílé wọn ń gbé kí àwòrán Tange tó dé, kó sì kọ orúkọ ibẹ̀ bí wọ́n bá ṣe pè é fún un. Ó ní òun ń bẹ̀rẹ̀ ní Sátidé.