Kaiserslautern, sáà 1997 sí 1998: ìṣirò ni, kì í ṣe iṣẹ́ ìyanu

Ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀yin àbúrò, ẹ kú ìjókòó. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ni mo fẹ́ bá yín jiyàn lé lórí lónìí. Ní sáà 1997 sí 1998, 1. FC Kaiserslautern, ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gòkè láti ìpele kejì, gba Bundesliga, líìgì àgbà ilẹ̀ Jámánì, mọ́ Bayern Munich lọ́wọ́. Títí di òní, kò tíì sí ẹgbẹ́ mìíràn tó ṣe irú rẹ̀ nínú líìgì náà. Gbogbo ẹni tó bá ń sọ ìtàn yìí ló ń pè é ní iṣẹ́ ìyanu. Èmi ò gbà bẹ́ẹ̀. Ìdí rẹ̀ wà lórí tábìlì líìgì, níbi tí ojú gbogbo wa ti lè tó o.

Ẹ jẹ́ ká padà sí sáà 1995 sí 1996 ná. Ọdún yẹn ni Bundesliga yí òfin póìntì padà: ẹni tó bá borí, tó ń gba póìntì méjì tẹ́lẹ̀, bẹ̀rẹ̀ sí í gba mẹ́ta. Ọ̀mì ṣì jẹ́ ẹyọ kan. Ta ni irú òfin bẹ́ẹ̀ máa kọ́kọ́ ṣe lọ́ṣẹ́, bí kò ṣe ẹgbẹ́ tí kì í tètè fìdí rẹmi, tí kì í sì í tètè borí? Nínú ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ 34, Kaiserslautern borí nínú 6, wọ́n pàdánù 10, wọ́n sì gbá ọ̀mì 18. Ọ̀mì méjìdínlógún! Póìntì 36 ni gbogbo rẹ̀ já sí, ni wọ́n bá já sí ìpele kejì pẹ̀lú Eintracht Frankfurt àti Uerdingen. (Ẹ̀yin tó jẹ́ pé Jay-Jay Okocha ló mú yín mọ Bundesliga, Frankfurt tirẹ̀ nìyẹn. Sáà yẹn ló parí kó tó kọjá sí Fenerbahçe ní Tọ́kì.)

St. Pauli ló wà lórí Kaiserslautern gan-an lọ́dún náà. Wọ́n borí nínú 9, wọ́n gbá ọ̀mì 11, wọ́n pàdánù 14, póìntì wọn jẹ́ 38. Ẹ wá fi òfin àtijọ́ ṣírò rẹ̀: Kaiserslautern ì bá ní 30, St. Pauli ì bá ní 29. Ẹgbẹ́ tó pàdánù ẹ̀ẹ̀mẹrìnlá dúró sókè, èyí tó pàdánù ẹ̀ẹ̀mẹwàá lọ sí ìsàlẹ̀. Mi ò sọ pé òfin náà kò dára o. Ohun tí mò ń sọ ni pé ẹgbẹ́ tó já yẹn kì í ṣe ẹgbẹ́ ọ̀lẹ.

Ọjọ́ kejìdínlógún oṣù Karùn-ún 1996 ni wọ́n já, ní Leverkusen, lẹ́yìn ọ̀mì mìíràn, 1 sí 1. Andreas Brehme ti Kaiserslautern, ẹni tó gbá pẹnáritì tó fún Jámánì ní ife ẹ̀yẹ àgbáyé ní 1990, gbé orí lé èjìká Rudi Völler ti Leverkusen, tí wọ́n jọ gba ife yẹn, ó sì sunkún níwájú gbogbo ayé. Ṣùgbọ́n bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Ọ̀sẹ̀ kan péré lẹ́yìn náà, Kaiserslautern na Karlsruhe ní 1 sí òdo ní Berlin, wọ́n sì gba ife ẹ̀yẹ Jámánì. Brehme kò lọ. Olaf Marschall kò lọ. Miroslav Kadlec àti Pavel Kuka, tí wọ́n gbá àṣekágbá ife ẹ̀yẹ Yúróòpù ní Wembley fún orílẹ̀-èdè Czech lóṣù kẹfà ọdún yẹn gan-an, wá ń gbá bọ́ọ̀lù ní ìpele kejì. Ẹ sọ fún mi, ẹgbẹ́ wo ní ìpele kejì ló fẹ́ dúró níwájú irú ìyẹn?

Akọ́nimọ̀ọ́gbá wọn tuntun náà ní ohun tó ń dùn ún. Ọdún mẹ́rìnlá ni Otto Rehhagel fi kọ́ Werder Bremen, ó gba Bundesliga níbẹ̀ ní 1988 àti 1993. Bayern mú un ní 1995, wọ́n sì lé e lóṣù kẹrin 1996, nígbà tó ku ọjọ́ díẹ̀ kí wọ́n gbá àṣekágbá ife ẹ̀yẹ UEFA. Franz Beckenbauer ló bọ́ sípò rẹ̀, òun ló sì wà níbẹ̀ nígbà tí wọ́n gba ife tí Rehhagel ti bá wọn lépa. Bàbá náà kó ẹrù rẹ̀ lọ sí Kaiserslautern, níbi tóun fúnra rẹ̀ ti ṣe agbábọ́ọ̀lù ẹ̀yìn láti 1966 sí 1972. Ọdún kan péré, wọ́n ti gba ìpele kejì, wọ́n sì gòkè.

Ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ àkọ́kọ́ ní sáà 1997 sí 1998, ta ni wọ́n lọ bá? Bayern, ní Munich. Nígbà tó ku ìṣẹ́jú mẹ́wàá, Ciriaco Sforza gbá fírìkíìkì, Michael Schjønberg fi orí kàn án wọlé, ó parí sí 1 sí òdo. Bayern ti lo Sforza náà rí, wọ́n sì ti jẹ́ kó lọ. Lóṣù Kejìlá, nílé, Kaiserslautern tún nà wọ́n ní 2 sí òdo.

Bọ́ọ̀lù wọn kò ní àràmàǹdà kankan nínú. Kadlec dúró lẹ́yìn gbogbo wọn, Sforza ń pín bọ́ọ̀lù láàárín, Martin Wagner àti Andreas Buck ń gbé e wá láti ẹ̀gbẹ́, Marschall sì ń dúró dè é lójú ilé. Góòlù 21 ló jẹ, Ulf Kirsten ti Leverkusen nìkan ló fi ẹyọ kan jù ú lọ. Nígbà tí ẹsẹ̀ wọn fẹ́ yẹ̀ lóṣù kẹrin, Marschall nìkan ló jẹ góòlù mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tí wọ́n fi na Mönchengladbach ní 3 sí 2. Ọmọdékùnrin kan tó ti Chemnitz dé tún wà lórí bẹ́ǹṣì, Michael Ballack lorúkọ rẹ̀.

Àwọn tó yẹ kó dá wọn dúró náà kò ráyè. Borussia Dortmund, tó gba Champions League ní 1997, parí sí ipò kẹwàá. Stuttgart, níbi tí Jonathan Akpoborie tiwa ti ń gbá iwájú, ṣe kẹrin. Bayern ní tiwọn pàdánù ẹ̀ẹ̀mẹta léra wọn: Hertha, Köln àti Schalke. Köln yẹn lọ nà wọ́n ní 2 sí òdo ní Munich, síbẹ̀ wọ́n já ní òpin sáà, ìgbà àkọ́kọ́ nínú ìtàn wọn. Lẹ́yìn ti Schalke ni Giovanni Trapattoni bú àwọn agbábọ́ọ̀lù rẹ̀ níwájú àwọn oníròyìn, tó ń lu tábìlì. Títí di òní làwọn ará Jámánì ṣì ń fi fídíò náà rẹ́rìn-ín.

Ní ọjọ́ kejì oṣù Karùn-ún 1998, Kaiserslautern na Wolfsburg ní 4 sí òdo, Bayern gbá ọ̀mì òdo sí òdo ní Duisburg, ó parí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ìfẹsẹ̀wọnsẹ̀ kan ṣì kù. Ẹ wá wo tábìlì ìkẹyìn. Kaiserslautern borí nínú 19. Bayern náà borí nínú 19. Kaiserslautern gbá ọ̀mì 11, Bayern gbá 9. Póìntì 68 sí 66. Ọ̀mì méjì ló fún wọn ní ife! Ọ̀mì tó pa wọ́n ní 1996 ló dé wọn ládé lọ́dún méjì lẹ́yìn náà, nítorí pé ẹ̀ẹ̀mẹrin péré ni wọ́n gbà kí ẹnikẹ́ni nà wọ́n.

Ẹnìkan nínú yín bi mí bóyá ó tún lè ṣẹlẹ̀. RB Leipzig gbìyànjú rẹ̀ ní sáà 2016 sí 2017, wọ́n gòkè towó-towó, wọ́n sì ṣe ipò kejì. Póìntì 67 ni wọ́n ní, ẹyọ kan péré ló fi dín sí ti Kaiserslautern. Bayern ọdún yẹn ní 82.