Ìgbà Wo Gan-an Lẹ Máa Tẹ Bọ́tìnnì Náà?

Ẹ̀yin òǹwòran wa, ọ̀rọ̀ bọ́ǹbù átọ́míìkì kì í tètè yé aráàlú, torí inú ìwé àṣírí ìjọba ni púpọ̀ rẹ̀ wà. Eré ẹ̀fẹ̀ òṣèlú wà lára ohun tó ti là á yé wa jù.

Ní January 1986, BBC gbé ìpín àkọ́kọ́ Yes, Prime Minister, eré ẹ̀fẹ̀ nípa olórí ìjọba Britain, sáfẹ́fẹ́. Jim Hacker, olórí ìjọba inú eré náà, ṣẹ̀ṣẹ̀ dé orí àlééfà ni, ó sì fẹ́ fagi lé Trident, mísáìlì átọ́míìkì tí wọ́n ń yìn láti inú ọkọ̀ abẹ́ omi. Olùdámọ̀ràn rẹ̀ nípa sáyẹ́ǹsì bẹ̀rẹ̀ sí í bi í: rògbòdìyàn bẹ́ sílẹ̀ ní Ìwọ̀ Oòrùn Berlin, apá ìlú tí Britain àtàwọn alájọṣe rẹ̀ ń dáàbò bò láàárín Ìlà Oòrùn Jámánì tó wà lábẹ́ Rọ́ṣíà nígbà yẹn, ilé ń jó, panápaná Ìlà Oòrùn Jámánì sọdá ẹnubodè wá ṣèrànwọ́. Ṣé ẹ máa tẹ bọ́tìnnì tó ń yin bọ́ǹbù? Rárá o. Tí ọlọ́pàá bá tẹ̀ lé wọn ńkọ́? Rárá. Sójà wọlé dé, ti Rọ́ṣíà gbapò wọn, wọ́n kọ̀ wọn ò lọ mọ́, wọ́n ti ojú títì pa. Hacker ò rí ibi tó ti máa sọ pé ó yá.

Ẹ wo bí wọ́n ṣe tò ó. Kò sí ìgbésẹ̀ kan níbẹ̀ tó tó ohun tí èèyàn ń tìtorí ẹ̀ pa ayé run, àmọ́ nígbà tí wọ́n bá fi máa pé, ìlú ti bọ́. Ibi tí ìlànà ìdẹ́rùbani, ìyẹn fífi bọ́ǹbù dẹ́rù ba ọ̀tá kó má bàa kọluni, ti ń jò gan-an nìyẹn. Kì í sì í ṣe eré lásán: olórí ìjọba tuntun ní Britain máa ń fọwọ́ ara rẹ̀ kọ lẹ́tà mẹ́rin, ọ̀kan fún ọkọ̀ abẹ́ omi kọ̀ọ̀kan, nípa ohun tí ọ̀gá ọkọ̀ máa ṣe bí ọ̀tá bá run ìjọba. Tó bá kúrò lórí oyè, wọ́n á ba lẹ́tà náà jẹ́ láìṣí i wò.

Ní 2014, John Oliver, aláwàdà orí tẹlifíṣọ̀n Amẹ́ríkà, dojú ẹ̀fẹ̀ kọ floppy disk 8 ínǹṣì, ike pẹlẹbẹ àtijọ́ tí wọ́n ń tọ́jú ìsọfúnni kọ̀ǹpútà sí, tí àwọn ológun Amẹ́ríkà ṣì ń lò nígbà yẹn nídìí mísáìlì. Ó pa wá lẹ́rìn-ín lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹ̀rọ àtijọ́ yẹn ò so mọ́ íntánẹ́ẹ̀tì, kò sì rọrùn fún ọ̀daràn láti ráàyè wọ̀ ọ́. Wọ́n ti pààrọ̀ rẹ̀ ní 2019, àmọ́ ìlànà bí wọ́n ṣe ń pàṣẹ ò yí padà.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ ṣe irú ètò ẹ̀fẹ̀ yìí nípa bọ́ǹbù átọ́míìkì, bí àṣẹ ṣe ń rìn ni kẹ́ ẹ tọpa. Ààrẹ Amẹ́ríkà nìkan ló ń pàṣẹ pé kí wọ́n yin bọ́ǹbù átọ́míìkì wọn, kò sì pọn dandan kí ẹnikẹ́ni bá a fọwọ́ sí i. Mísáìlì láti Rọ́ṣíà máa dé láàárín nǹkan bí ìṣẹ́jú 30, àkókò tó máa kù fún un láti ronú ò ju ìṣẹ́jú díẹ̀ lọ. Nínú yàrá abẹ́ ilẹ̀ tí wọ́n ti ń yin mísáìlì, ọ̀gá ológun méjì máa yí kọ́kọ́rọ́ lẹ́ẹ̀kan náà. Tí mísáìlì bá ti gbéra, kò sí bí wọ́n ṣe lè pè é padà.