Ta Ló Kọ́ Yín ní Yorùbá?

Ẹ kú ìkàlẹ̀ o, ẹ̀yin èèyàn mi. Bí ẹ bá ń gbọ́ tí nǹkan ń dún pà-pà-pà lẹ́yìn mi, òjò ni. Lọ́ńdọ̀nù la wà, kí ni mo fẹ́ ṣe sí i?

Ọ̀rọ̀ kan ti ń jẹ mí lọ́kàn láti Sátidé. Wọ́n sọmọ lórúkọ ní Peckham, mo lọ. Ẹ mọ bó ṣe máa ń rí: wọ́n ní aago kan, oúnjẹ dé ní aago mẹ́rin, ẹ jẹ́ ká fìyẹn sílẹ̀. Màmá àgbà kan ló jókòó tì mí, ará ilé ìyàwó. Wọ́n ní láti Paris ló ti wá, wọ́n ní ọmọ Benin ni. Kì í ṣe Ìbíní ti Ẹ̀dó o, Benin ti Kútọnu. Mo bá kó gbogbo Faransé tí mo ní jọ, kò ju ẹyọ méjì lọ, mo kúnlẹ̀, mo ní, "Bonjour, maman." Màmá ní, "Káàsán, ọmọ mi. Ṣé àlàáfíà ni? Àwọn tilé ńkọ́?"

Háà! Ariwo tí mo pa, àwọn tó wà nídìí kúlà gbọ́ ọ. Mo ní, "Màmá, ẹ mà gbọ́ Yorùbá o! Ta ló kọ́ yín?"

Màmá rọra gbé ṣíbí sílẹ̀. Ì bá jẹ́ pé ó bínú ni, ì bá sàn. Ó kàn wò mí, ó ní, "Ọmọ mi, ta ló kọ́ ìwọ?"

Ẹ jẹ́ n mumi ná.

Kétu ni wọ́n ti bí màmá. Kétu! Èmi tí mo dúró lórí ìlà níléèwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní Abẹ́òkúta, tí mò ń ka àwọn ọmọ Odùduwà bí ẹni ń kọrin: Olówu, Alákétu, Ọba Ìbíní, Ọ̀ràngún, Onísábẹ̀ẹ́, Olúpópó, Aláàfin. Tísà á ní a gbà á, a ó pàtẹ́wọ́. Kò sí ọjọ́ kan tí mo béèrè pé, ibo gan-an ni Alákétu ń gbé? Mẹ́ta nínú àwọn méje yẹn, Kétu, Sábẹ̀ẹ́, Pópó, òdìkejì ẹnubodè ni wọ́n wà. Mo mọ orúkọ wọn, mi ò mọ ilé wọn. Mo wá bá ọmọ wọn pàdé nídìí ìrẹsì, mo ń bi í pé ta ló kọ́ ọ ní èdè bàbá rẹ̀.

Bí wọ́n ṣe pín wa, ẹ ti mọ̀ ọ́n, kí n yára sọ ọ́. Gbogbo èèyàn ló máa ń dárúkọ Berlin, ìpàdé tí àwọn òyìnbó ṣe lórí Áfíríkà ní 1884 sí 1885, Bismarck àti tábìlì rẹ̀. Berlin kọ́ ló fa ìlà tiwa. Ọjọ́ 10 oṣù kẹjọ ọdún 1889 ni Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé gbà pé kí ààlà bẹ̀rẹ̀ létí odò Ajara nítòsí Àjàṣẹ́ tí wọ́n ń pè ní Porto-Novo, kó gba òkè lọ títí dé ìlà kẹsàn-án lórí máàpù. Ṣáṣá báyìí, bí ẹni fi rúlà fà á. Kò yà fún oko, kò yà fún ojúbọ. Kétu bọ́ sọ́wọ́ Faransé, Ìmẹ̀kọ tó jẹ́ ti Kétu bọ́ sọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Lord Salisbury tó jẹ́ olórí ìjọba Gẹ̀ẹ́sì nígbà yẹn tilẹ̀ fẹnu ara rẹ̀ ṣẹ̀fẹ̀ lẹ́yìn náà pé àwọn ń fi òkè àti odò ta ara àwọn lọ́rẹ, àwọn ò sì mọ ibi tí òkè àti odò ọ̀hún wà gan-an.

Ohun tí mi ò mọ̀, àfìgbà tí mo délé tí mo lọ kàwé, ni pé ní 1889 yẹn, ahoro ni Kétu. Ìjọba Dàhòmì ti fọ́ ọ ní 1886, wọ́n ti kó àwọn èèyàn ibẹ̀ lẹ́rú lọ sí Abomey, olú ìlú wọn. Ìgbà tí Faransé ṣẹ́gun Behanzin, ọba Dàhòmì, ni àwọn tó kù tó rí àyè padà wá tún ìlú ṣe. Ìyẹn ni pé onílé wà lóko ẹrú nígbà tí wọ́n ń pín ilé rẹ̀. Ó tún kù o! Nígbà tí òmìnira dé, ọjọ́ 1 oṣù kẹjọ 1960, orúkọ wo ni wọ́n pe orílẹ̀-èdè náà? Dàhòmì! Orúkọ ẹni tó fọ́ ìlú rẹ ni wọ́n kọ sínú ìwé ìrìnnà rẹ. Ọdún 15 ni wọ́n fi jẹ́ bẹ́ẹ̀ kí Ààrẹ Kérékou tó yí i padà sí Benin ní 1975. Mo bi màmá léèrè èwo ló wù ú nínú méjèèjì. Ó ní, "Ọmọ Kétu là ń jẹ́." Ó gbé ṣíbí rẹ̀ padà.

Mo ti mọ ẹni tó máa fi ohùn ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp báyìí. Ẹ̀gbọ́n mi ní Manchester, ẹ mọ ara yín. Ẹ máa ní, "Ìwọ yìí, ṣé ọ̀kan ni gbogbo wa tẹ́lẹ̀ ni? Ṣé òyìnbó ló dá ogun Kírìjí sílẹ̀ ni?" Ó dáa, ẹ̀gbọ́n, mo gbà. Kírìjí bẹ̀rẹ̀ ní 1877, ó di 1886 kí wọ́n tó tọwọ́ bọ̀wé àlàáfíà, àwa la ja ara wa. Orúkọ náà gan-an, "Yorùbá", Ọ̀yọ́ ni wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ẹ̀gbá ń jẹ́ Ẹ̀gbá, Kétu ń jẹ́ Kétu. Àwọn míṣọ́nnárì àti àwọn Sàró tó padà dé láti Sierra Leone, bíi Crowther, ló fẹ̀ ẹ́ títí ó fi bo gbogbo wa mọ́lẹ̀. Mo gbà, mo gbà! Ṣùgbọ́n ẹ dá mi lóhùn: ọmọ Ẹ̀gbá tó bá ọmọ Kétu pàdé lọ́jà ní 1850, ṣé ó máa bi í pé ta ló kọ́ ọ ní èdè tó ń sọ? Ó lè bú u. Ó lè fi ohùn rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́. Ó tilẹ̀ lè jí i gbé, Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́. Pé ó gbọ́ èdè ò ní yà á lẹ́nu láéláé! Ìjà wà ńlẹ̀ kí ìlà 1889 tó dé. Ohun tí ìlà yẹn ṣe ni pé ó sọ wá di àjèjì. Ọ̀tá ẹni, èèyàn mọ orúkọ bàbá rẹ̀.

"Ṣé kí wọ́n wá pa ẹnubodè rẹ́ ni?" N kò sọ bẹ́ẹ̀! Ẹ má fà mí wọ ẹgbẹ́ kankan. Àwọn olórí Áfíríkà pàdé ní Cairo ní 1964, wọ́n ní kí oníkálukú di ààlà tó bá nílẹ̀ lọ́jọ́ òmìnira mú, ó sì yé mi. Àwọn ẹ̀yà Ewè wà ní Ghana, wọ́n wà ní Togo. Hausa wà ní Niger. Ta la fẹ́ kọ́kọ́ dá lóhùn? Ẹ fi ti ilẹ̀ sílẹ̀. Tẹnu mi ni mò ń rò. Kò sí kọ́sítọ́ọ̀mù kankan ní Peckham lọ́jọ́ náà. Èmi ni mo gbé ẹnubodè Sẹ̀mẹ̀ síwájú màmá, tí mo ní kó fi ìwé hàn.

Ẹ jẹ́ n sọ èyí tó pa mí lẹ́rìn-ín. Títí di ọjọ́ 2 oṣù kẹrin 1972, apá òsì la fi ń wakọ̀ ní Nàìjíríà, bíi ti Gẹ̀ẹ́sì. Apá ọ̀tún ni tiwọn, bíi ti Faransé. O wakọ̀ lápá òsì dé Ìdí-Ìrókò, o dé Ìgólò lódìkejì, ó di apá ọ̀tún. Àna rẹ lò ń lọ kí o! Ẹ ro ti ẹni tó bá mu ẹmu bọ̀.

Màmá ní ẹ̀gbọ́n bàbá bàbá òun sá lọ sí Ìmẹ̀kọ nígbà ogun 1914, torí Faransé ń fipá kó àwọn ọkùnrin wọ iṣẹ́ ológun. Kò padà mọ́. Ìdajì ẹbí ń ná náírà, ìdajì ń ná sefà. Nígbà tí Nàìjíríà ti ẹnubodè pa ní oṣù kẹjọ 2019, tó di oṣù kejìlá 2020 kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀ sí í ṣí i, àgbà kan kú nínú àwọn ti Ìmẹ̀kọ. Mo ní, "Báwo lẹ wá ṣe é?" Ó ní, "Ọ̀nà ẹ̀bùrú ńkọ́?"

Nígbà tí mo fẹ́ máa lọ, mo tọrọ nọ́ńbà rẹ̀. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í pè é ní Faransé. Méjì méjì ni wọ́n ń pe tiwọn, mo sọnù sínú igbó kíá. Mo ní, màmá, ẹ jẹ́ n pe tèmi: zero, seven... Ó ní òun ò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. A wo ara wa. Àwa tá a ti ń bá ara wa sọ̀rọ̀ láti wákàtí méjì! Màmá rẹ́rìn-ín títí omi fi bọ́ lójú rẹ̀. Ó ní, "Ó yá, tẹ̀ ẹ́. Òdo."

Mo tẹ òdo.

"Ẹẹ́fà."

Mo tẹ̀ ẹ́. A ń bá a bọ̀ wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́, ó dé ibì kan, mo tẹ ẹẹ́jọ. Màmá na ọrùn wo fóònù mi.

"Eéje, ọmọ mi," ó ní. "Eéje ni mo pè."