“Hot”: Ọ̀rọ̀ Kan Ṣoṣo Tí Òyìnbó Fi Ń Pe Iná àti Ata

Èyí ni ìdánilẹ́kọ̀ọ́ tí mo ṣe ní Ilé-Ifẹ̀ fún àwọn olùkọ́ èdè Gẹ̀ẹ́sì, àwọn ògbufọ̀ àti àwọn nọ́ọ̀sì mélòó kan. Mo tún un kọ síbí fún àwọn tí kò ráyè wá.

Ẹ̀yin àgbà, ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi, mo kí yín. Ní Lágere níbí ni ọ̀rọ̀ mi ti bẹ̀rẹ̀. Ọmọ òyìnbó kan tó wá kọ́ Yorùbá jókòó sọ́dọ̀ obìnrin kan tó ń ta àmàlà. Wọ́n ti sọ fún un pé ata máa ń pọ̀ nínú ọbẹ̀ wa. Ó wá fi ìwọ̀nba Yorùbá tó gbọ́ béèrè pé, “Ẹ jọ̀ọ́ mà, ṣé ọbẹ̀ yìí gbóná?” Olóúnjẹ fi ọ̀yàyà dá a lóhùn pé, “Ó gbóná dáadáa, ọmọ mi, mo ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ̀ ọ́ kalẹ̀ ni.” Ọmọkùnrin náà mi orí, ó ní òun kò lè jẹ èyí tó bá gbóná. Olóúnjẹ ní kò burú. Ó bu ọbẹ̀ sínú àwo fẹ̀rẹ̀gẹ̀dẹ̀ kan, ó mú abẹ̀bẹ̀, ó ń fẹ́ ẹ títí tí kò fi rú èéfín mọ́. Ó tún fi ẹ̀yìn ọwọ́ kan ara àwo náà wò kó tó gbé e fún un. Òkèlè kìíní ni ojú ọmọ ọlọ́mọ pọ́n, omi ń dà lójú, ó ń dà nímú. Ọ̀rọ̀ náà rú olóúnjẹ lójú. Ó ń sọ fún gbogbo wa pé, “Mo mà ti fẹ́ ẹ fún un o!”

Kò sí ẹni tó ṣi ara wọn lọ́nà nínú àwọn méjèèjì. “Hot” ló wà lọ́kàn ọmọ náà, ìwé atúmọ̀ èdè tó ń lò sì ti sọ fún un pé “gbóná” ni. Ìwé náà kò parọ́, àmọ́ ìdajì ọ̀rọ̀ ló sọ.

Ọ̀rọ̀ àpèjúwe tó ti pẹ́ gan-an nínú Gẹ̀ẹ́sì ni hot. Ó ti wà lẹ́nu àwọn baba ńlá wọn, ó sì ní ìbátan nínú èdè Jámánì títí dòní. Iná, omi, oòrùn, irin tó wà nínú iná: gbogbo ìwọ̀nyí ni hot, a ò sì bá wọn jiyàn. Ibi ata ni ọ̀nà ti yà. Láyé àtijọ́, àwọn oníṣègùn ilẹ̀ Yúróòpù ka ata dúdú mọ́ àwọn nǹkan tó gbóná tó sì gbẹ, wọ́n ní ó ń mú ara gbóná láti inú wá. Ó jọ pé bí ata ṣe wọ ilé iná nìyẹn nínú èdè wọn.

Nínú èdè tiwa, ata kì í gbóná àfi tó bá wà lórí iná. Ata ń ta ni. Ẹ wá wo àwọn tí ata jọ ń gbé ilé kan náà: àkéekèé ta mí, agbọ́n ta mí, egbò ń ta mí, èéfín wọ ojú mi, ojú ń ta mí. A tún ń ta ọfà. Ohun tó bá gún èèyàn wọnú, tí ìrora rẹ̀ ń tàn kálẹ̀, la ka ata mọ́. Àwọn ará Sípéènì náà rí i bẹ́ẹ̀. Picar ni ọ̀rọ̀ ìṣe tí wọ́n ń lò fún ẹ̀fọn tó jẹ èèyàn, òun náà ni wọ́n ń lò fún ata. Àwọn gan-an ló sì gbé ata rodo àti àwọn ẹbí rẹ̀ kúrò ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà lẹ́yìn ìrìn àjò Columbus ní 1492. Kó tó dé ọ̀dọ̀ wa, atare àti iyèré ni ọbẹ̀ wa mọ̀.

Ìgbà kan wà tí mo rò pé àwa la pe ọ̀rọ̀ yìí bó ṣe yẹ, pé Òyìnbó ló ṣì í pè. Ìmọ̀ sáyẹ́ǹsì ló yí ọkàn mi padà. Ní 1997, David Julius àti àwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ ní California kéde pé àwọn ti rí ẹnu ọ̀nà kékeré kan lára iṣan ìmọ̀lára wa, tí èròjà inú ata, capsaicin, ń ṣí. Ẹnu ọ̀nà yìí kan náà ni ooru gidi ń ṣí nígbà tó bá ti tó nǹkan bí ìwọ̀n 43 lórí òṣùwọ̀n Celsius. Nítorí náà, nígbà tí ata bá kan ahọ́n, iṣẹ́ tí iṣan rán sí ọpọlọ ni pé iná ti dé, bẹ́ẹ̀ sì rèé, kò síná níbẹ̀. Julius àti Ardem Patapoutian ni wọ́n jọ gba ẹ̀bùn Nobel ti ìṣègùn ní 2021 lórí irú iṣẹ́ yìí. Òyìnbó tó ní hot kò ṣìnà rárá. Ṣùgbọ́n iṣan tí ẹnu ọ̀nà yẹn wà lára rẹ̀, iṣan ìrora ni, ọ̀kan náà tó ń ké nígbà tí nǹkan bá gún wa. Ìdí nìyẹn tí mo fi fọwọ́ sọ̀yà pé baba wa tó ní “ó ń ta” rí ohun tí Òyìnbó kò pè lórúkọ.

Abẹ̀bẹ̀ kò lè ran ata. Omi tútù náà kò fi bẹ́ẹ̀ ṣe é, torí èròjà ata kì í yòrò nínú omi. Mílíìkì ló ń gbé e kúrò lẹ́nu. Nígbà tí Wilbur Scoville, apoògùn ará Amẹ́ríkà, fẹ́ mọ bí ata ṣe ń ta tó ní 1912, kò lo òṣùwọ̀n ooru rárá. Ó ń bu omi ṣúgà là á, àwọn èèyàn ń tọ́ ọ wò, títí tí ẹnu wọn kò fi gbọ́ ọ mọ́. Lórí òṣùwọ̀n rẹ̀, irú ata rodo máa ń wà láàárín 100,000 sí 350,000. Ẹnu èèyàn ni wọ́n fi wọ̀n ọ́ nígbà náà, torí kò sí ohun tí ọwọ́ lè fi mọ̀ ọ́n. Ẹ fi ẹ̀yìn ọwọ́ olóúnjẹ yẹn sọ́kàn. Mò ń padà bọ̀ síbẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká kúrò nídìí ọbẹ̀. Ní oṣù kẹta, kí òjò tó dé, ẹ̀yin olùkọ́ mọ bí kíláàsì ṣe máa ń rí lọ́sàn-án gangan. Òyìnbó á ní “I am hot.” Ọmọ tó bá tú u ní ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan á kọ “mo gbóná”, ẹni tó bá gbọ́ ọ kò ní rò ó sí ojú ọjọ́ rárá. “Ooru ń mú mi” là ń sọ. Ẹ wo olùwà gbólóhùn náà: ooru ni. Èmi ni àbọ̀, èmi ni ooru mú. Bẹ́ẹ̀ náà ni òtútù ń mú mi, ebi ń pa mí, òùngbẹ ń gbẹ mí, oorun ń kùn mí. Nínú Gẹ̀ẹ́sì, èèyàn ló máa ń síwájú, ọ̀rọ̀ àpèjúwe á wá máa ròyìn rẹ̀. Nínú tiwa, nǹkan ló wá bá èèyàn níbi tó wà. Bí a bá sì ní “ara mi gbóná”, ibà là ń sọ. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ lo àkókò lórí èyí ju hotter àti hottest lọ, torí “gbóná jù lọ” ti wà lẹ́nu àwọn ọmọ láti ilé. Kí wọ́n sì mọ̀ pé lẹ́nu àwọn ọ̀dọ́ Òyìnbó, ẹni tí ẹwà rẹ̀ ń fa ojú mọ́ra náà ni hot, kí wọ́n má baà sọ ohun tí wọn kò ní lọ́kàn.

Ìyókù kò le. Hot news ni ìròyìn yàjóyàjó. Ẹni tó jẹ́ hot-tempered ni onínúfùfù, ọ̀rọ̀ tó dùn mọ́ mi létí ju ti Gẹ̀ẹ́sì lọ. Hot drink ní London, tíì tàbí kọfí ni. Ní Nàìjíríà, ọtí líle ni.

Gbóná tiwa náà ní ibi tí hot kò lè bá a dé. Àwọn àgbà kì í fẹ́ dárúkọ ṣànpọ̀nná, ìgbóná ni wọ́n ń pè é, títí tí Àjọ Ìlera Àgbáyé fi kéde ní 1980 pé àrùn náà ti kúrò láyé. À ń gbàdúrà kí ilé tutù, kí orí tutù. Ẹni tó bá gbé Ilé-Ifẹ̀ láàárín 1997 sí 2000, nígbà ìjà Ifẹ̀ àti Modákẹ́kẹ́, kò nílò kí n túmọ̀ “ìlú gbóná” fún un. Bí ẹ bá kọ ọ́ sí Gẹ̀ẹ́sì pé the town was hot, òǹkàwé á rò pé oòrùn ló mú. Ẹ kọ ìjà, ẹ kọ ìbẹ̀rù tó wà nígboro.

Ohun tó jẹ́ kí ọ̀rọ̀ yìí ká mi lára ni màámi. Lọ́dún díẹ̀ sẹ́yìn, lálaalẹ́ ni wọ́n ń sọ pé, “Àtẹ́lẹsẹ̀ ń ta mí, bí ẹni pé mo tẹ ata.” Wọ́n á yọ ẹsẹ̀ kúrò lábẹ́ aṣọ ìbora, wọ́n á gbé e lé sìmẹ́ńtì tútù. A gbé wọn lọ sí ilé ìwòsàn kan. Dókítà tó wà níbẹ̀ kò gbọ́ Yorùbá. Ẹni tó ń ṣe ògbufọ̀ ní, “Mama says her feet are hot.” Dókítà fọwọ́ kan ẹsẹ̀ wọn. Ẹsẹ̀ tutù. Ó kọ oògùn ibà, a padà wálé. Mo jókòó níbẹ̀, èmi tí mo ń fi Gẹ̀ẹ́sì jẹun, mo gbọ́ gbólóhùn yẹn, n kò sì tún un ṣe, torí pé ó dún bí ẹni pé ó tọ̀nà.

Oṣù mẹ́ta kọjá kí dókítà mìíràn tó bi wọ́n pé, “Mà, ṣé ó ń gbóná ni, àbí ó ń ta yín?” Màámi ní, “Ó ń ta mí, ó sì ń jó mi nínú.” Ojú ẹsẹ̀ ló ní kí wọ́n yẹ ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀ wọn wò. Àtọ̀gbẹ ni. Bí ṣúgà bá pọ̀ lẹ́jẹ̀ fún ìgbà pípẹ́, ó máa ń ba iṣan ìmọ̀lára jẹ́, ẹsẹ̀ ló sì sábà máa ń kọ́kọ́ mọ̀ ọ́n lára. Iṣan náà á máa ké láìsí iná, láìsí ata. Ohun tó gbóná, ọwọ́ ẹlòmíràn lè kàn án kó mọ̀ ọ́n, bí ọwọ́ olóúnjẹ ṣe mọ̀ ọ́n lára àwo. Ohun tó ń ta èèyàn, àfi kó fẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́, kí a sì gbọ́ ọ bó ṣe sọ ọ́.

Nígbà tí mo sọ̀rọ̀ tán, nọ́ọ̀sì kan tó wá láti Iléṣà dìde, ó bi mí pé kí ni kí òun wá máa kọ sínú fáìlì. Mo ní, bí aláìsàn bá ní ó ń ta òun, ẹ kọ stinging. Bó bá ní ó ń jó òun, ẹ kọ burning. Bó bá ní ó gbóná, ẹ fọwọ́ kàn án kí ẹ tó kọ hot. Ó kọ ọ́ sẹ́yìn káàdì kan, ó kà á sókè fún mi, ó wá ní, “Tó bá ní ó gbóná, ó sì tún ń ta òun ńkọ́, sà?”

Mo ní kí wọ́n kọ méjèèjì.