Kẹ́ẹ̀gì ló ń jí ọmọ inú àgọ́ lójú oorun

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ kú ìkàlẹ̀. Abẹ́ Òkè Olúmọ ni mo dúró sí yìí, l'Abẹ́òkúta. Nígbà tí ogun lé àwọn baba wa dé ibí ní nǹkan bí ọdún 1830, abẹ́ àpáta yìí ni wọ́n sá sí. Òkúta gbà wọ́n là. Ní Haiti, orílẹ̀-èdè kan ní àgbègbè Caribbean, búlọ́ọ̀kù ló wó pa èèyàn.

Ọjọ́ 12 oṣù Kíní ọdún 2010 ni, aago márùn-ún ìrọ̀lẹ́ ku ìṣẹ́jú méje. Ilẹ̀ mì tìtì nítòsí Port-au-Prince, olú-ìlú wọn. Agbára rẹ̀ jẹ́ 7.0 lórí òṣùwọ̀n tí wọ́n fi ń wọn ìmìtìtì ilẹ̀. Ilé tí sìmẹ́ńtì rẹ̀ ò tó, tí irin inú rẹ̀ ò nípọn, ló ya lulẹ̀. (Ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́lé lọ́wọ́, mi ò bá yín wí o.) Nǹkan bíi mílíọ̀nù kan ààbọ̀ èèyàn ló di ará àgọ́. Pápá gọ́ọ̀fù pàápàá di ìlú tapólìn.

Kí wá ni ọmọdé ń fi ọjọ́ ṣe níbẹ̀?

Omi ni. Ilẹ̀ ò tíì mọ́ tán tí ọmọ ti gbé ike lọ sórí ìlà. Ìlànà tí àwọn aṣèrànwọ́ káàkiri ayé ń tẹ̀lé ni pé kí ẹnì kan rí ó kéré tán lítà 15 lójúmọ́. Ẹ wo kẹ́ẹ̀gì òróró yìí tí gbogbo wa fi ń pọnmi: lítà 25 ni. Ibi tí mo fọwọ́ sí yìí, ó fi díẹ̀ ju ìdajì lọ, ibẹ̀ ni ìpín ẹnì kan mọ: mímu, ìdáná, ìwẹ̀, ìfọṣọ. Ìlànà yẹn kan náà ní kí èèyàn tó ń pín ẹnu ẹ̀rọ kan má ju 250 lọ. Àwa tí èèyàn mẹ́wàá bá tò nídìí ẹ̀rọ àdúgbò, tí ìjà ti dé!

Nígbà tó di oṣù Kẹwàá, kọ́lẹ́rà wọ ìlú. “Fọwọ́ ẹ” ò wá kúrò lẹ́nu àwọn ìyá mọ́.

Ilé ìwé bẹ̀rẹ̀ padà ní oṣù Kẹrin, abẹ́ àgọ́ ni ọ̀pọ̀ kíláàsì wà. Bí oòrùn bá ti kan àtàrí, inú tapólìn á móoru bí ààrò, kò sẹ́ni tó lè jókòó síbẹ̀. Àwọn ọmọ á bọ́ síta, wọ́n á na ọ̀rá sórí igi tẹ́ẹ́rẹ́ méjì, wọ́n á so òwú mọ́ ọn, wọ́n á sì fi í lé afẹ́fẹ́. Ọ̀rá a máa ga ju gbogbo àgọ́ lọ.

Lálẹ́, ẹ má rò pé ilé ni gbogbo wọn ń wá. Àwọn kan wà tí ilé wọn ò wó rárá, síbẹ̀ tí wọn ò jẹ́ wọ abẹ́ dẹ́kìn sùn. Tapólìn ń jò lóòótọ́, ṣùgbọ́n bó bá ya lulẹ̀, ọmọ á kàn ká a kúrò lójú ni.