Elégédé Sísun: Ẹ Má Tíì Ki Nǹkan Kan Sínú Rẹ̀!

Ẹ kú déédéé ìwòyí o, ẹ̀yin èèyàn mi. Ilé ìdáná mi ní Àkúrẹ́ náà la wà. Elégédé tí ẹ ń wò yìí, Ọjà Ọba ni mo ti rà á láàárọ̀. Kì í ṣe ùgú o! Àwọn kan máa ń pe méjèèjì ní nǹkan kan náà. Ùgú, ewé rẹ̀ là ń wá. Eléyìí, ara rẹ̀ gan-an la fẹ́ jẹ. Tí ẹ bá dé ọjà, ẹ fi èékánná tẹ èèpo rẹ̀. Tí èékánná bá wọlé, kò tíì gbó, ẹ dá a padà fún ìyá ọlọ́jà. Èyí tó gbó dáadáa á wà nílẹ̀ fún oṣù méjì, mẹ́ta, kò ní bàjẹ́.

Ẹ tẹ́ aṣọ tútù sábẹ́ rẹ̀ kó má baà yí mọ́ yín lọ́wọ́, kí ẹ là á sí méjì. Ẹ má bó o. Ẹ fi ṣíbí ha inú rẹ̀ mọ́. Kóró rẹ̀ ńkọ́? Ẹ fọ̀ ọ́, ẹ sá a, a máa yan án bí ẹ̀pà lọ́jọ́ mìíràn.

Ó yá. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi ohun tó wà lọ́wọ́ yín sílẹ̀, torí ibi tí wọ́n ti máa ń ṣì í ṣe la dé yìí. Wọ́n á ha inú rẹ̀ tán, wọ́n á bu ẹ̀fọ́ àti ẹja sí i lójú ẹsẹ̀, ó di inú ófùn. Nígbà tí wọ́n bá máa ṣí i, ẹ̀fọ́ ti gbẹ lókè, elégédé ṣì le, omi ti dá sábẹ́ ẹ̀fọ́. Wọ́n á ní elégédé ò dùn. Elégédé ò jẹ̀bi! Omi ló kún ara rẹ̀, ẹ ò sì fún omi náà lọ́nà.

Ẹ SUN ÚN LÓFÌFO! Ẹ fi òróró díẹ̀ àti iyọ̀ pa inú rẹ̀, ẹ dojú rẹ̀ bolẹ̀ lórí páànù, ẹ tẹ ófùn sí 200°C, kó wà níbẹ̀ fún bí ogójì ìṣẹ́jú. Tí fọ́ọ̀kì bá wọlé wọ́ọ́rọ́wọ́, ó ti jinná. Ẹ wò ó bí mo ṣe ń yí i yìí. Ẹ wo omi nínú páànù! Ẹ wo etí rẹ̀ tó pọ́n bíi dòdò! Omi yìí ni ì bá wà nínú oúnjẹ yín. Mo tún sọ ọ́: LÓFÌFO, kí ojú rẹ̀ wà nílẹ̀.

Igbá ni mo máa ń fi ṣàlàyé rẹ̀. Ìbátan ni igbá, ẹ̀gúsí àti elégédé, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni elégédé ti wá bá àwọn yòókù níbí. Ìyá mi àgbà ní Ìdànrè, tó bá ha igbá tuntun tán, oòrùn ló ń sá a sí títí tó fi máa gbẹ táútáú. Mo bu gàárì sínú ọ̀kan tí kò tíì gbẹ rí. Gbogbo gàárì náà ló bu. Mi ò gbàgbé.

Ohun tí a máa kì sínú rẹ̀ kò gba àkókò. Ẹ din àlùbọ́sà nínú epo pupa, ẹ da ata rodo, irú, edé àti ẹja gbígbẹ sí i. Ẹ bọ ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀, kí ẹ fún un. Ẹ FÚN UN DÁADÁA! A ò lè lé omi elégédé jáde ká tún fi omi ẹ̀fọ́ rọ́pò rẹ̀. Ẹ má fi irú dù ú o, òun ló ń bá adùn elégédé wọ̀yá ìjà.

Ẹ kì í sínú rẹ̀ báyìí, ojú rẹ̀ sókè, ogún ìṣẹ́jú sí i. Ẹ̀yin tí ẹ ò ní ófùn, ẹ lo ìkòkò oníyanrìn tí ẹ fi ń yan kéèkì. Ẹ jẹ́ kí yanrìn gbóná ná, ẹ má sì wo aago, fọ́ọ̀kì ni kí ẹ gbà gbọ́.

N ò ní kí ẹ fi rọ́pò iyán o, ẹ̀yin ará Oǹdó! Ẹ̀gbẹ́ ìrẹsì tàbí adìyẹ sísun ni àyè rẹ̀. Ó ti tó, mo ń gbé e jáde. Ẹ gbọ́ bó ṣe ń ta ṣìì? Ẹ jẹ́ kó fẹ́ díẹ̀ kó má baà tú, kí n wá ọ̀bẹ.