Yíǹkì dúdú tó ti Ṣáínà dé Jàpáànù

Ẹ kú ìkàlẹ̀ o ẹ̀yin èèyàn mi. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ wo àwòrán tó wà lójú sìkírínì yìí, ẹ má kánjú. Yíǹkì dúdú nìkan ni, omi pọ̀ nínú ẹ̀ níbì kan, ó ki níbòmíì, tẹ́ ẹ bá kọ́kọ́ wò ó ẹ máa rò pé ńṣe ni yíǹkì kàn dà sórí pépà, àmọ́ ẹ wo ìsàlẹ̀ níbí, ilé ọtí kékeré kan rèé, wọ́n so àsíá mọ́ ọn, èèyàn méjì sì wà nínú ọkọ̀ ojú omi lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀. Ìlà bíi mélòó kan péré o!

Mọ́ǹkì ẹlẹ́sìn Búdà kan ní Jàpáànù tó ń jẹ́ Sesshū ló yà á lọ́dún 1495, ó ti lé lẹ́ni 70 ọdún nígbà yẹn. 1467 ló wọkọ̀ lọ sí Ṣáínà, 1469 ló padà. Nígbà tí ọmọ iṣẹ́ ẹ̀ fẹ́ máa lọ sílé tó ní kó fún òun ní nǹkan táá fi hàn pé ọ̀dọ̀ ẹ̀ lòun ti kọ́ṣẹ́, èyí ló yà fún un, ó wá kọ ọ́ sókè ẹ̀ pé òun kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ ayàwòrán kan tó ń jẹ́ Li Zai ní Ṣáínà, àmọ́ ìgbà tóun padà délé lòun tó mọ bí iṣẹ́ Josetsu àti Shūbun, àwọn ọ̀gá ayàwòrán tó wà nílé ní Jàpáànù, ti jinlẹ̀ tó.

Àwọn kan máa ń sọ pé Jàpáànù kàn ṣe kọ́pì Ṣáínà ni. Ọ̀rọ̀ yẹn máa ń dùn mí gan-an.

Ẹ gbọ́ ti Muqi ná. Ayàwòrán ará Ṣáínà lòun, ṣùgbọ́n àwọn ọ̀mọ̀wé ilé ẹ̀ ò ka iṣẹ́ ẹ̀ sí, wọ́n ní ó rí wúruwùru. Ní Jàpáànù, ńṣe ni wọ́n ń gbé e gẹ̀gẹ̀! Àwòrán ẹ̀ mẹ́ta ṣì wà ní tẹ́ńpìlì Daitoku-ji ní Kyoto títí dòní, ọ̀bọ kan wà níbẹ̀ tó gbé ọmọ ẹ̀ mọ́ra lórí igi, ẹ ò ní fẹ́ gbójú kúrò lára ẹ̀.

Hasegawa Tōhaku, ayàwòrán ará Jàpáànù, fi iṣẹ́ Muqi yìí kọ́ṣẹ́, nígbà tó sì di nǹkan bí 100 ọdún lẹ́yìn Sesshū, ó ya igi páìnì sórí pátákó méjì tó ń ṣẹ́ pọ̀, abala 6 ni ìkọ̀ọ̀kan. Ẹ sún mọ́ ọn. Àwọn igi náà ń yọ láàárín ìkùukùu, òmíì ti fẹ́rẹ̀ẹ́ wọnú ẹ̀ tán. Ìkùukùu yẹn gan-an, kò fi bírọ́ọ̀ṣì kan ibẹ̀ rárá, pépà lásán lẹ̀ ń wò yẹn.